Olóòlà Tí Kò Sá Lójú Ogun

Láti ìgbà tí mo ti dé London, kò sí òyìnbó kan tí ó bi mí léèrè ilà ojú mi, àfi bàbá kan. Àwọn yòókù á wò ó, wọ́n á sì yára gbójú kúrò, bí ẹni tí ó ṣèèṣì já lu onílé ní balùwẹ̀. Tí ọmọdé bá tẹjú mọ́ mi nínú bọ́ọ̀sì, ìyá rẹ̀ á fà á lápá. Àwọn ọmọ tèmi gan-an, tí mo bí sí Peckham níbí, kò béèrè rí. Ìgbà tí èyí àgbà nínú wọn di géńdé tán ló sọ fún mi pé òun rò pé bí wọ́n ṣe bí mi nìyẹn, pé àbàjà bá mi wáyé ni.

Bàbá tí mò ń wí yìí ti lé ní ọgọ́rin ọdún dáadáa nígbà tí wọ́n rán mi sí i. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó nílé wọn ni mò ń ṣe: ẹni tí mo máa wẹ̀, mo wẹ̀ ẹ́, ẹni tí mo máa fún lóúnjẹ, mo fún un. Ilé tóóró kan báyìí ló ń gbé lẹ́yìn Rye Lane, òpópó ọjà Peckham, òun nìkan, pẹ̀lú àwòrán ìyàwó rẹ̀ tó ti kú lára ògiri pálọ̀. Àárọ̀ tí mo kọ́kọ́ wọlé, kò dá mi lóhùn nígbà tí mo kí i. Ó ń wá awò ojú rẹ̀. Ó rí i, ó fi sójú, ó ní kí n jọ̀ọ́ súnmọ́ ojú fèrèsé. Ó wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi ọ̀tún, ó wo tòsì.

"Ta ló kọ ọ́?"

Mo ní bàbá bàbá mi ni.

"Ọwọ́ rẹ̀ mọ́," ó ní. "Kò gbọ̀n rárá."

Inú mi dùn, ẹ má bi mí. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún tí mo ti ń gbé ojú yìí kiri London bí ẹni tó gbé ẹrù tí kò sí ẹni tó bá a sọ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni èmi àti bàbá ń sọ o, ṣùgbọ́n Yorùbá ni etí mi fi gbọ́ ọ, Yorùbá náà ni mo sì máa fi sọ ọ́.

Olóòlà ni wá nílé wa. Ní ìlú wa, tí kò jìnnà sí Ọ̀yọ́, bàbá bàbá mi ló ń kọlà fún tọmọdé tàgbà, òun ló sì ń dábẹ́ fún àwọn ọmọkùnrin. Bàbá tó bí mi lọ́mọ ò fọwọ́ kan abẹ. Ilé ìwé ló lọ, ó ṣe akọ̀wé ní réluwéè títí ó fi fẹ̀yìntì. Èmi ni mo tún padà sídìí abẹ, ṣùgbọ́n abẹ oníke ni, èyí tí wọ́n fi ń fá irùngbọ̀n tí wọ́n á sì sọ nù, tí wọ́n ń tà lọ́pọ̀ yanturu ní Rye Lane. Bí mo bá rántí bàbá mi àgbà tí mo sì wo ohun tó wà lọ́wọ́ mi, ẹ̀rín ló máa ń pa mí.

Bàbá mi àgbà kì í fi abẹ kan ọmọ láì kọ́kọ́ kì í. Á bi ìyá rẹ̀: ọmọ ilé ibo ni? Kí ni oríkì rẹ̀? Ìyá á sọ ọ́ tán, á jáde síta, nítorí ojú abiyamọ ò gba ẹ̀jẹ̀ ọmọ. Bàbá á wá bẹ̀rẹ̀ sí í kì í ní jẹ́jẹ́, á máa gbé àwọn baba ńlá rẹ̀ dìde lọ́kọ̀ọ̀kan, orí ọmọ á wú, ọrùn rẹ̀ á dúró gbagidi. Kí ó tó rántí láti ké, abẹ ti kọjá. Omi ìgbín ló kù tí wọ́n á ro sí ojú ọgbẹ́ kí ara lè tù ú.

Bí èmi náà ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn. Níbi tí wọ́n ti kọ́ wa níṣẹ́, wọ́n ní kí a máa sọ ohun tí a fẹ́ ṣe fún ènìyàn kí a tó fọwọ́ kàn án, èyí sì dára, mò ń sọ ọ́. Lẹ́yìn náà ni mo máa ń kì wọ́n. Màmá kan wà ní Bermondsey tí bàbá rẹ̀ ṣiṣẹ́ ní etí odò. Mo máa ń kì í ní ọmọ a-gbẹ́rù-ọkọ̀-má-kérora, bí mo ṣe ń kó ìbọ̀sẹ̀ sí i lẹ́sẹ̀. Kò mọ ohun tí mò ń sọ, ṣùgbọ́n ó máa ń na ẹsẹ̀ náà fún mi fúnra rẹ̀.

Bàbá olójú fèrèsé yìí ló wá fẹ́ há mi lọ́wọ́. Gbogbo ayé rẹ̀ ló fi fá irùngbọ̀n ara rẹ̀, ọwọ́ ló wá ń gbọ̀n báyìí, kò sì fẹ́ kí ẹlòmíràn bá òun fá a. Bí mo bá ti gbé abẹ dé ọrùn rẹ̀, á yí orí padà, á ní òun fẹ́ wo ẹyẹ kan lórí igi. Ẹyẹ wo? Kò sí igi lójú fèrèsé yẹn. Mo rí i pé bí mi ò bá kì í, ọjọ́ kan ni mo máa dá ọgbẹ́ sí i lára. Mo bá bi í. Mo ní, "Daddy, ọmọ ta ni yín?"

Ó ti kọ́kọ́ bá mi jà lórí Daddy yẹn. Ó ní òun kọ́ ló bí mi, òun ní orúkọ. Mo ní mo mọ̀ pé ẹ̀yin kọ́ lẹ bí mi, ẹnu mi ni kò gbà láti pe àgbà lórúkọ, kí ẹ jọ̀ọ́ fara mọ́ ọn nítorí àìsàn ẹnu mi ni. Ó rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀.

Nígbà tí mo bi í ní ọmọ ta ni, ó ní kí n bá òun gbé agolo bisikíìtì kan wá lórí kọ́bọ́ọ̀dù. Mo ṣí i, mo rí owú, mo rí mẹ́dà kan láàárín rẹ̀ tí rìbọ́nnì rẹ̀ ti ṣá. Ó ní bàbá tó bí bàbá bàbá òun ló ni ín. Sójà ni, ó ní, dókítà àwọn sójà ni, láyé ọbabìnrin àtijọ́ tí wọ́n ń ya orí rẹ̀ sára kọ́bọ̀. Ọbabìnrin náà ló fi ọwọ́ ara rẹ̀ fi mẹ́dà yẹn kọ́ ọ láyà níwájú gbogbo ènìyàn, nítorí ìwà akin tó hù lójú ogun. Bí ó ṣe sọ ọ́ nìyẹn, ó ti agolo padà.

Mo gbé e délé. Ìyàwó mi ń dín dòdò, èmi dúró sẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, mò ń to oríkì bàbá òyìnbó pọ̀. Ó ní, "Ẹ̀yin àti Daddy yín yìí. Shift ti parí since afternoon, ẹ ṣì wà níbẹ̀." Mo ní kó má dá mi lẹ́nu dúró, iṣẹ́ ìdílé ni mò ń ṣe.

Wọ́n ní ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Èmi ò wolé. Mo gbọ́ ogun, mo gbọ́ akin, mo gbọ́ pé ọba fi ẹ̀yẹ kọ́ ọ láyà, mo sì ṣe bí ọmọ Yorùbá èyíkéyìí ṣe máa ṣe. Ta ni ọba ń yẹ́ sí nítorí ogun bí kò ṣe ẹni tó pa ọ̀tá? Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, mo fi fóòmù pa á lẹ́rẹ̀kẹ́, mo bá gbé e:

Ọmọ a-jí-bá-ogun-jà-kó-tó-jẹun,
Ọmọ a-gbá-ọ̀tá-bí-ẹni-gbálẹ̀ ọjà,
Idà rẹ̀ mú, ó mu ẹ̀jẹ̀ lójú ogun,
Ọbabìnrin rí i, ó dìde fún un.

Bàbá gbé àgbọ̀n sókè. Kò wá ẹyẹ kankan. Mo fá a láti etí dé etí, ọrùn rẹ̀ mọ́ lóló. Orí mi wú ju tirẹ̀ lọ. Ó wá bi mí pé kí ni mò ń sọ láti àárọ̀, mo sì túmọ̀ rẹ̀ fún un ní ìlà kọ̀ọ̀kan, tẹ̀rín tẹ̀rín.

Ojú rẹ̀ yí padà. Ó fi aṣọ ìnura nu ẹnu.

"Kò pa ẹnikẹ́ni rí," ó ní. "Ohun tí ọmọ mi náà rò nìyẹn."

Ọmọ kan ṣoṣo ló bí, obìnrin, Scotland ló ń gbé. Bàbá ní láti kékeré ni kò ti fẹ́ràn ọ̀rọ̀ mẹ́dà náà, nítorí kò fẹ́ràn ogun. Bí òun bá ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn rẹ̀, á dìde lọ bu omi sí kẹ́tùlù. Dókítà sì ti sọ fún òun nísinsìnyí pé àrùn ìgbàgbé ló ń bọ̀ yìí, díẹ̀díẹ̀ ló ń kó òun lọ. Ó ní òun ò bẹ̀rù rẹ̀ púpọ̀, ohun kan ṣoṣo ló ń dun òun: òun fẹ́ fi ẹnu ara òun sọ ìgbésí ayé ọkùnrin yẹn fún ọmọ òun kí ó tó fò lórí òun. Lẹ́yìn òun, kò sí ẹni tó mọ̀ ọ́n mọ́.

Àánú rẹ̀ ṣe mí gan-an. Mo jókòó sórí àga kejì, mo ní kí ó sọ ọ́ fún èmi ná.

Ó wá sọ ọ́, kì í ṣe ọjọ́ kan. Àárọ̀ dé àárọ̀ ni, tí fóòmù bá wà lójú rẹ̀. Ó ní àpótí abẹ ni bàbá ńlá òun ń gbé lọ sójú ogun, kò gbé ìbọn. Lọ́jọ́ kan, ogun ṣẹ́ wọn, ọ̀gágun ní kí gbogbo ènìyàn padà sẹ́yìn. Àwọn tó fara gbọgbẹ́ wà nínú kòtò odò gbígbẹ kan. Wọ́n ní kí dókítà máa bọ̀. Ó ní òun ń bọ̀. Kò lọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà níbẹ̀ tí ọta ìbọn ti já iṣan itan rẹ̀, dókítà ti ìka bọ ojú ọgbẹ́ náà, ó fi dí ẹ̀jẹ̀. Bí ó bá yọ ìka, ọmọ náà kú. Ó jókòó síbẹ̀ láti ọ̀sán títí ilẹ̀ fi ṣú, ọwọ́ kejì ló fi ń di ọgbẹ́ àwọn yòókù. Àwọn ọ̀tá tó ṣubú sínú kòtò kan náà wà lára wọn.

Ibi tí ó dé nìyí tí mo fi gbé abẹ ṣánlẹ̀. Ó ní ẹnikẹ́ni tí bàbá ńlá òun bá fẹ́ fi abẹ kàn, á kọ́kọ́ wí fún un pé, "Sọ nípa ìyá rẹ fún mi." Oògùn tí wọ́n fi ń kun ènìyàn lóorun ti tán nínú àpótí rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn. Ẹni tó bá sì ń ro ti ìyá rẹ̀ kì í ráyè ro ti abẹ. Àwọn ọ̀tá tí kò gbọ́ èdè rẹ̀ pàápàá, ó ń bi wọ́n. Wọ́n ń dá a lóhùn ní èdè tiwọn, òun náà ń ṣe hẹ̀n-ẹ́n, ó ń di ọgbẹ́ wọn lọ.

Mo ní, "Daddy, olóòlà ni bàbá ńlá yín." Mo sọ ti bàbá mi àgbà fún un, bó ṣe ń bi àwọn ìyá léèrè oríkì kí ó tó mú abẹ, mo sọ ti omi ìgbín. Bàbá rẹ́rìn-ín títí fóòmù fi ta sí i lára ṣẹ́ẹ̀tì. Ó ní kí n sọ ti ìgbín yẹn lẹ́ẹ̀kan sí i. Ó ń fi ọwọ́ lu itan. Mo rò ó pé bí àwọn bàbá méjèèjì bá pàdé, wọn ì bá jókòó sábẹ́ igi kan, wọn ì bá máa fi abẹ ara wọn han ara wọn.

Nígbà tí wọ́n padà wá gbé àwọn olọ́gbẹ́ lẹ́yìn tí ilẹ̀ ṣú, ọta ìbọn kan ba dókítà ní ìgbọ̀nwọ́ ọ̀tún. Apá náà kú. Mẹ́dà ni wọ́n fún un, ṣùgbọ́n iṣẹ́ abẹ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ títí ayé. Ó padà sí Walworth, ó kọ́ ọwọ́ òsì rẹ̀ níṣẹ́ tuntun: ó ń yọ eyín, ó ń la oówo fún àwọn tó ń ṣiṣẹ́ awọ ní Bermondsey, ẹni tí kò lówó a gbé ẹja wá. Ìyàwó rẹ̀ fi mẹ́dà kọ́ orí ìṣó ní ilé ìdáná, àwọn ọmọ ń fi ṣeré. Bàbá ní ó gbé ìgbà ayé rẹ̀ tayọ̀tayọ̀, ó sanra, ó ń fi òsì ta ayò káàdì, ó sì máa ń rẹ́ni jẹ.

Mo gbé bàbá jókòó sórí kẹ̀kẹ́ rẹ̀ tí a máa ń tì ní ọjọ́ kan tí oòrùn ràn, a wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Walworth Road kí ó lè fi ibi tí ilé náà wà hàn mí. Ilé ò sí mọ́. Wọ́n ti wó o tipẹ́, Aylesbury Estate ni wọ́n kọ́ sórí ilẹ̀ rẹ̀, wọ́n sì ti ń wó Aylesbury náà báyìí. Katakata wà níbẹ̀, eruku gba gbogbo ibẹ̀. Mo rò pé yóò bà á nínú jẹ́. Ó ní rárá, ilé tí wọ́n tìtorí rẹ̀ wó ti bàbá ńlá òun náà ni wọ́n wá ń wó yìí, òun sì ti pẹ́ láyé tó láti fojú rí i. A ra ẹja àti ọ̀dùnkún díndín, a jẹ ẹ́ ní ibùdókọ̀. Mi ò rò pé mo ti rí ọjọ́ tó dùn tó bẹ́ẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ yìí.

Mo tún oríkì tò. Èyí tí mo tò lẹ́ẹ̀kejì, mo wolé kí n tó tò ó:

Ọmọ a-dúró-ti-olọ́gbẹ́,
A-fi-ìka-dí-ojú-ẹ̀jẹ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú,
A-bi-olọ́gbẹ́-léèrè-ìyá kó tó mú abẹ,
Ogun sá, olóòlà ò sá.
Apá ọ̀tún kú, inú rere ò kú,
Òsì ló fi ń tọ́jú aláìní ní Walworth.

Mo kọ́ ọ ní ìtumọ̀ rẹ̀ títí ó fi mọ̀ ọ́n. Ó wá di eré láàárín wa. Bí mo bá ki ìlà kan ní Yorùbá, òun á fi Gẹ̀ẹ́sì sọ ìtàn tó wà nínú rẹ̀, abẹ á máa lọ ní tirẹ̀. Àwọn àárọ̀ kan wà tí kò rántí pé òun jẹun, tí ó ń pè mí ní orúkọ ẹlòmíràn, ṣùgbọ́n bí mo bá ti ki ìlà àkọ́kọ́, ọkùnrin inú kòtò yẹn á dìde wá bá wa.

Ọmọ rẹ̀ wá nígbà ọjọ́ ìbí bàbá. Obìnrin jẹ́jẹ́ ni, ó ga bíi bàbá rẹ̀, ó sì bọ̀wọ̀ fún mi. Ó ti bá mi sọ̀rọ̀ lórí fóònù tẹ́lẹ̀ pé àtẹ̀gùn ilé ti ń ṣòro fún bàbá, ilé ìtọ́jú àwọn àgbà kan ní Lewisham ti gbà á, òun á kó ẹrù ilé. Ní ti mẹ́dà, ó ní òun á gbé e fún àwọn tó ń ta nǹkan àtijọ́. Ó ní ohun tí wọ́n fún ènìyàn nítorí pé ó pa ènìyàn, òun ò lè gbé e sínú ilé òun. Mi ò sọ òtítọ́ ibẹ̀ fún un. Bàbá ló fẹ́ sọ ọ́, kì í ṣe èmi.

Inú ààwẹ̀ ni mo wà lọ́jọ́ yẹn. Mo ti so aṣọ ìnura mọ́ bàbá lọ́rùn, mo ń po fóòmù. Inú rẹ̀ dùn, ó ní kí ọmọ òun jókòó, òun fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ kan fún un. Ó sì bẹ̀rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ níbi tí ó ti máa ń bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tó ti dáyé: ọbabìnrin, aṣọ ọbabìnrin, ìka ọbabìnrin lára mẹ́dà. Kíá ni ọmọ dìde, ó gba ilé ìdáná lọ, mo gbọ́ tí omi ń dà sínú kẹ́tùlù. Tíì lórí tíì ló ti gbé síwájú èmi aláàwẹ̀ láti àárọ̀. Bàbá ṣì ń sọ̀rọ̀ sí àga tó ṣófo. Ó ní, "Ọbabìnrin." Ó tún ní, "Ọbabìnrin." Ó wá dákẹ́. Ó wo agolo bisikíìtì, ó wò mí, mo sì rí i lójú rẹ̀ pé ìtàn náà ti fò lọ. Ohun kan ṣoṣo tó ń dù ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ̀rù bà mí. Ọ̀rọ̀ bàbá àti ọmọ, àlejò ò gbọdọ̀ dá sí i. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, òun ní í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀rẹ̀kẹ́ tèmi ti gba abẹ rí. Mo fi fóòmù pa bàbá lójú bí a ti máa ń ṣe, mo gbé abẹ, mo sì gbé ohùn sókè kí ó lè dé ilé ìdáná.

"Ọmọ a-dúró-ti-olọ́gbẹ́."

Bàbá gbé àgbọ̀n sókè.

"Wọ́n ní kó máa bọ̀," ó ní. "Ó ní òun ń bọ̀. Kò lọ."

Mo ki èyí tó tẹ̀ lé e. Ó sọ ti ìka àti ti ẹ̀jẹ̀. Omi dákẹ́ ní ilé ìdáná. Mo ki ti ìyá, ó sọ ti àwọn olọ́gbẹ́ tí wọ́n ń ròyìn ìyá wọn ní èdè méjì nínú kòtò kan. Mi ò yára. Mo ń fá a ní jẹ́jẹ́ kí irun má tètè tán. Nígbà tí a fi dé Walworth àti ẹja àwọn aláìlówó, ọmọ rẹ̀ ti dúró sẹ́nu ọ̀nà, kẹ́tùlù lọ́wọ́ rẹ̀, kò rántí gbé e kaná.

"Kò pa ẹnikẹ́ni?" ó ní.

"Kò pa ẹnikẹ́ni," bàbá dá a lóhùn. "Ṣé mi ò sọ fún ọ rí ni?"

"Ẹ ò sọ ọ́ rí, Daddy. Ọbabìnrin lẹ máa ń sọ."

Bàbá rò ó. Ó ní lóòótọ́ ni, ọbabìnrin ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú nígbà tí wọ́n sọ ọ́ fún òun náà. Ọmọ jókòó sílẹ̀ lẹ́bàá ẹsẹ̀ rẹ̀, ó ní kí a tún un ṣe láti ìbẹ̀rẹ̀. Irùngbọ̀n ti tán, ṣùgbọ́n a tún un ṣe. Mo délé nírọ̀lẹ́, mo fi dàbínù ṣínu, omijé ń dà lójú mi. Ìyàwó mi ní ṣé kò sí o, mo ní kò sí, ayọ̀ ni.

Bàbá lọ sí Lewisham. Mẹ́dà lọ sí Scotland, ó wà lórí ìṣó ní ilé ìdáná ọmọ rẹ̀. Iṣẹ́ mi ní ilé yẹn parí, wọ́n rán mi sí ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn, mo sì ń yọjú sí i nígbà tí mo bá ráyè. Àrùn ìgbàgbé kò dá a sí. Ó gbàgbé Peckham, ó gbàgbé èmi, ó wá gbàgbé ọmọ rẹ̀.

Ní Sátidé kan tí ọmọ náà wá láti Scotland, ó pè mí láti ilé ìtọ́jú yẹn. Ó ní irùngbọ̀n bàbá ti kún, kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fá a, ó ń yí orí, ó ń wá ẹyẹ. Nọ́ọ̀sì ti gbìyànjú títí láti àárọ̀. Ó ní kí n jọ̀ọ́ kọ́ òun ní ìlà àkọ́kọ́. Mo kọ́ ọ. Ó sọ ọ́ tẹ̀ lé mi, olọ́gbẹ́ ń dún lẹ́nu rẹ̀ bí orúkọ ọbẹ̀. Mo ní ó dára, kó lọ sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Ó gbé fóònù kalẹ̀ láì pa á, mo gbọ́ tó ń rìn lọ, mo gbọ́ tó sọ ọ́.

Mo tẹ fóònù mọ́ etí. Mo ń dúró, ìyàwó mi náà ti wá dúró tì mí.

"Wọ́n ní kó máa bọ̀," bàbá ní. Ó pẹ́ díẹ̀. "Kò lọ."

Mo gbọ́ tí abẹ kan omi. Mo gbọ́ tí ọmọ náà fa imú, bí ẹni tí ẹkún fẹ́ bọ́ lẹ́nu rẹ̀ tí kò sì fẹ́ kí bàbá mọ̀. Bàbá gbọdọ̀ ti wo ojú rẹ̀, nítorí ohùn tó jáde lẹ́nu rẹ̀ lẹ́yìn náà, mi ò gbọ́ irú rẹ̀ lẹ́nu rẹ̀ rí. Ohùn ẹni tó ń tọ́jú ènìyàn ni.

"Sọ nípa ìyá rẹ fún mi," ó ní.

Obìnrin inú àwòrán pálọ̀ ni ìyá rẹ̀, ìyàwó bàbá fúnra rẹ̀. Ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ. Ó ní ìyá òun ga, ó ní kò mọ búrẹ́dì yan láì jó o, ó ní ó máa ń kọrin bó bá ń fọ àwo. Bàbá ń ṣe hẹ̀n-ẹ́n, hẹ̀n-ẹ́n. Abẹ tún kan omi.

Ìyàwó mi bi mí kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé ṣé ó ti fá a tán. Mo ní ó ń fá a lọ́wọ́, mo sì pa fóònù.